Àpò inú ẹja kan ṣoṣo ló ń run ẹ̀dá méjì: ẹ jẹ́ ká sọ̀rọ̀ totoaba

Àbẹ̀kẹ́ Olómi:

Ẹ kú àsìkò yìí, ẹ̀yin ará. Ọ̀rọ̀ yìí ti ń jẹ mí lọ́kàn láti ọjọ́ mélòó kan, mo sì fẹ́ ká jọ tú u palẹ̀.

Ẹja kan wà tó ń jẹ́ totoaba. Kò sí níbòmíràn láyé àfi nínú Gulf of California, apá òkun tóóró tó ya wọ ilẹ̀ Mẹ́síkò. Ẹja ńlá ni. Ó lè gùn tó mítà méjì, kó sì wọ̀n ju ọgọ́rùn-ún kílò lọ. Ẹran ara rẹ̀ kọ́ ni wọ́n torí ẹ̀ ń pa á. Àpò afẹ́fẹ́ inú rẹ̀ ni wọ́n ń wá, èyí tó ń jẹ́ kí ẹja lè dúró sójú kan nínú omi láìrì, láìléfòó.

Ẹ fojú inú wò ó: ọkọ̀ ojú omi kékeré kan lóru, wọ́n ti pa iná. Wọ́n fa àwọ̀n sókè, ẹja tó ga tó géńdé ọkùnrin ló há síbẹ̀. Wọ́n fi ọ̀bẹ la ikùn rẹ̀, wọ́n fa àpò náà yọ, wọ́n ti ìyókù padà sómi. Gbogbo ẹran yẹn ṣòfò nítorí ohun tí kò tó kílò kan bó bá gbẹ tán. Wọ́n á wá sá a títí tí yóò fi le gbagidi, tí yóò sì pupa rẹ́súrẹ́sú, lẹ́yìn náà ni yóò bẹ̀rẹ̀ ìrìn fàyàwọ́ lọ sí Ṣáínà, níbi tí wọ́n ti ń fi í se ọbẹ̀, tí àwọn mìíràn sì ń tọ́jú rẹ̀ bí ẹni tọ́jú wúrà. Wọ́n gbà pé ó ń mú awọ ara jọ̀lọ̀, pé ó dára fún oríkèé ara àti fún aláboyún. Owó rẹ̀ pọ̀ débi pé kokéènì inú òkun ni wọ́n ń pè é.

Ọdún 1975 ni Mẹ́síkò fòfin de pípa ẹja yìí. Kò pẹ́ sígbà náà ni àdéhùn CITES, tó ń ṣọ́ òwò ẹranko àti ewéko láàárín àwọn orílẹ̀-èdè, fi í sí Àfikún Kìíní, níbi tí ìṣòwò ti jẹ́ èèwọ̀. Ó ti di àádọ́ta ọdún. Wọ́n ṣì ń pa á. Ta ni ẹ rò pé ó lẹ́bi jù nínú ọ̀rọ̀ yìí, ta ló sì yẹ kí òfin kọ́kọ́ dojú kọ?

Tìjání:

Ẹ̀gbọ́n Àbẹ̀kẹ́, ẹ ṣeun. Vaquita ni mo máa ń gbọ́ pé ó kù díẹ̀ kó parun nínú omi yẹn, ẹnikẹ́ni kì í dárúkọ totoaba fún mi. Ṣé ohun kan náà ni wọ́n ni? Lójú tèmi, kí àwọn ará Ṣáínà ṣáà jáwọ́ nínú ẹ̀, ọ̀rọ̀ ti parí nìyẹn.

Olùkọ́ Bàyọ̀:

Tìjání, ìbéèrè tó dáa lo bi. Ohun méjì ni wọ́n, ikú kan náà ló ń pa wọ́n.

Vaquita kì í ṣe ẹja. Ìbátan dolphin ni, ó ń mí bíi tiwa, ó ń fọ́mọ lọ́mú. Gígùn rẹ̀ kò ju mítà kan ààbọ̀ lọ, kò sì sí èyí tó kéré tó o nínú gbogbo ìran dolphin àti àbùùbùtán. Àmì dúdú yí ojú rẹ̀ ká bí ìgbà tó lé tìróò. Ọdún 1958 ni àwọn onímọ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ nípa rẹ̀ pé ó wà. Omi kan náà lòun àti totoaba jọ ń gbé, ara wọn kò sì fi bẹ́ẹ̀ tóbi jura wọn lọ. Ihò àwọ̀n tó bá mú ọ̀kan yóò mú èkejì.

Ẹ má rò pé àwọ̀n tí wọ́n ń jù ni o. Èyí tí wọ́n ń ta sínú omi bí ògiri ni. Òkè rẹ̀ ní ohun tó ń léfòó, ìsàlẹ̀ rẹ̀ ní òjé tó ń fà á rì, òwú rẹ̀ kò sì hàn nínú omi. Ẹja á ti orí bọ ihò, kò ní lè lọ síwájú, kò ní lè padà sẹ́yìn. Bí vaquita bá há síbẹ̀, kò ní í pẹ́ kú, torí kò ní lè gòkè wá mí. Àwọ̀n tí wọ́n bá sì sá fi sílẹ̀ nígbà tí wọ́n rí ọmọ ogun ojú omi kì í ṣíwọ́ iṣẹ́. Ó wà níbẹ̀ tó ń pa ẹran tí ẹnikẹ́ni kò ní wá kó.

Ní 1997, nǹkan bí 570 vaquita ló wà. Ní 2015, ó ti wálẹ̀ sí bí 60. Ní 2023, àwọn tó lọ wò wọ́n rí 10 sí 13. Ní 2024, 6 sí 8 ni wọ́n rí. Mo tún àwọn nọ́ńbà yìí kà lẹ́ẹ̀mẹta kí n tó kọ wọ́n síbí, ọkàn mi kò gbà á.

Totoaba náà ti rí tirẹ̀. Ní 1942, ẹja tí wọ́n pa tó 2,261 tọ́ọ̀nù. Nígbà tó fi máa di 1975 tí òfin dé, 58 tọ́ọ̀nù péré ni wọ́n rí pa. Àwọ̀n nìkan kọ́ ló fà á. Ẹnu odò Colorado ni ẹja yìí ti ń yé, wọ́n sì ti fi ìdídò gba omi odò náà lókè ní Amẹ́ríkà, tó jẹ́ pé omi tútù tó ń dé òkun kò tó nǹkan mọ́. Lẹ́yìn òfin, ó gbèrú díẹ̀, àjọ IUCN, tó ń ṣàkọsílẹ̀ àwọn ẹ̀dá tó wà nínú ewu ìparun láyé, sì dín ewu tí wọ́n ní ó wà nínú rẹ̀ kù ní 2021. Àmọ́ ẹja tó ń pẹ́ ọdún mẹ́fà sí méje kó tó lè bímọ, tí wọ́n wá ń dènà dè é níbi tó ti ń lọ yé, ìgbà wo ni yóò rí ara gbé dìde?

Akínlàbí:

Ẹ má bínú, ó dà bíi pé a ti fẹ́ máa pe gbogbo apẹja ní ọ̀daràn. Èmi kò gbà bẹ́ẹ̀.

Ìlú kéékèèké méjì ló wà létí omi yẹn, San Felipe àti El Golfo de Santa Clara. Ẹja àti edé ni wọ́n fi ń jẹun níbẹ̀. Ní 2015, ìjọba Mẹ́síkò fòfin de àwọ̀n yẹn fún ọdún méjì, ní 2017 wọ́n sọ ọ́ di òfin tí kò ní ọjọ́ tí yóò dópin. Wọ́n ní àwọn yóò máa sanwó gbà-má-bínú. Ọwọ́ àwọn tó ní ọkọ̀ àti ìwé àṣẹ ni ọ̀pọ̀ owó náà bọ́ sí. Ọmọṣẹ́ tó ń fa àwọ̀n, tí ọwọ́ rẹ̀ ń bó, díẹ̀ ló kàn án, ti ẹlòmíràn ò tilẹ̀ dé rárá. Nígbà tó yá, owó náà dáwọ́ dúró.

Ebi kì í wọnú kí ọ̀rọ̀ mìíràn wọ̀ ọ́. Bí ẹnì kan bá wá kanlẹ̀kùn rẹ lóru, tó ní òun yóò yá ọ ní àwọ̀n, òun yóò ra epo sínú ẹ́ńjìnnì, àti pé ẹja kan ṣoṣo yóò mú owó tí edé kò lè mú wá fún oṣù mélòó kan wọlé, tí ọmọ sì ń sunkún ebi nílé, kí lo máa sọ fún un? Ẹ jọ̀ọ́, kí ẹni tó bá máa dáhùn dáhùn tọkàntọkàn.

Àbẹ̀kẹ́ Olómi:

Akínlàbí, àbúrò mi, o ti bá mi sọ ohun tó wà lọ́kàn mi. Ìdí tí mo fi bèèrè nìyẹn. Àwọn àgbà ní ẹni gbépo lájà kò jalè bí ẹni tó gbà á sílẹ̀ fún un. Nínú ìṣòwò yìí, ọ̀pọ̀ ènìyàn ló ń gbà á sílẹ̀.

Ẹ wo bó ṣe ń rìn. Apẹja tà á fún alárinà létí omi. Alárinà kó o fún àwọn oníjàǹdùkú tó ti mọ ọ̀nà oògùn olóró tẹ́lẹ̀, ọ̀nà náà ni wọ́n ń gbé e gbà. Ó lè kọ́kọ́ wọ Amẹ́ríkà kó tó kọjá sí Éṣíà. Ní oṣù kẹrin 2023, àwọn aṣọ́bodè Amẹ́ríkà dá ẹrù ẹja dídì kan dúró ní Nogales, ní Arizona. Ẹja tí wọ́n ti là sí pẹlẹbẹ ni wọ́n rí lókè. Àpò totoaba ló wà lábẹ́ rẹ̀, ó wọ̀n tó 110 kílò, wọ́n sì ṣírò owó rẹ̀ sí mílíọ̀nù 2.7 dọ́là. DNA, àmì ìran tó wà nínú ara gbogbo ẹ̀dá, ni wọ́n fi dá a mọ̀. Ní ìparí 2018, àwọn aṣọ́bodè Ṣáínà fúnra wọn gba 444 kílò, wọ́n sì mú ènìyàn 16.

Ẹrù tó wọ̀n tó bẹ́ẹ̀ kì í ṣe ti apẹja kan tó lọ sódò lóru. Ẹni tó kó o jọ wà, ẹni tó sá a gbẹ wà, ẹni tó tẹ ìwé èké fún un wà, ẹni tó ti sanwó dúró dè é náà wà. Apẹja tó ń tutù nínú ọkọ̀ ni ọmọ ogun máa ń rí mú, torí òun ló wà níta gbangba.

Mọ́remí:

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí mo fojú ara mi rí. Totoaba kọ́, ẹja mìíràn ni, ṣùgbọ́n ìwà kan náà ni.

Mo ti bá ilé iṣẹ́ kan ṣiṣẹ́ ẹrù ní pápákọ̀ òfurufú kan ní Yúróòpù. Lálẹ́ ọjọ́ kan, báàgì ńlá kan ń bọ̀ lórí bẹ́líìtì, ó wúwo, igun rẹ̀ kan sì ń kán omi tótó. Mo fọwọ́ kàn án, ó tutù bí ẹni pé inú fìríìjì ló ti jáde. Mo pe ọ̀gá wa. Ó ní ká jẹ́ kó lọ, pé a ò lè torí omi dá ọkọ̀ òfurufú dúró. Mo kọ̀. Mo lọ pe aṣọ́bodè fúnra mi, ọ̀gá náà kò sì bá mi sọ̀rọ̀ fún ọ̀sẹ̀ méjì lẹ́yìn náà.

Aṣọ́bodè ṣí i. Aṣọ ló wà lókè, ẹ̀wù òtútù méjì. Lábẹ́ rẹ̀ ni ọ̀rá wà, wọ́n fún un ní afẹ́fẹ́ títí ó fi wú, wọ́n ki ike omi dídì sáàárín wọn. Nígbà tó gbé ọ̀rá kan sókè sí iná, mo kọ́kọ́ rò pé òwú funfun ló kún inú omi náà. Mo wá rí i pé òwú náà ń rìn. Ara wọn mọ́ gaara bíi gíláàsì, èèyàn lè rí òdìkejì láti ara wọn. Àmì dúdú méjì tíntìntín wà lórí ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ojú ni.

Ọmọ eel ni, ẹja gígùn tó dà bí ejò. Nǹkan bí 3,000 ọmọ eel ló ń para pọ̀ di kílò kan. Bí báàgì kan bá kó 20 kílò, ẹ̀mí 60,000 nìyẹn.

Mo lọ kẹ́kọ̀ọ́ nípa wọn lẹ́yìn ìgbà yẹn. Òkun Sargasso, ní àárín Àtìláńtíìkì, ni wọ́n ti ń bí eel ilẹ̀ Yúróòpù. Omi ló ń gbé ọmọ náà wá títí dé etíkun, ó lè gbà á ju ọdún kan lọ. Yóò wọ inú odò, yóò gbé níbẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún, yóò tún padà sí Sargasso lọ yé lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, yóò sì kú. IUCN ti kà á mọ́ àwọn tó wà létí ìparun pátápátá láti 2008, àwọn orílẹ̀-èdè EU sì ti fòfin de kíkó o jáde kúrò ní Yúróòpù láti 2010. Wọ́n ṣì ń kó o lọ sí Éṣíà láti lọ sìn ín nínú adágún kó tóbi, kí wọ́n tó tà á bí ẹja oúnjẹ. Ní 2020, àwọn onímọ̀ kan gbé èsì àyẹ̀wò DNA jáde lórí ẹran eel tí wọ́n rà ní ilé ìtajà ní Hong Kong. Nǹkan bí ìdajì rẹ̀ ló jẹ́ eel Yúróòpù.

Tìjání:

Ẹ̀gbọ́n Mọ́remí, ẹ kú ìgboyà. Kí ló wá ṣẹlẹ̀ sí àwọn ẹja inú báàgì yẹn?

Mo tún fẹ́ béèrè: ṣebí èèyàn lè sin ẹja? Bí wọ́n bá ń sin totoaba àti eel lọ́pọ̀ yanturu, owó rẹ̀ yóò já wálẹ̀, kò sì ní sí ìdí fún fàyàwọ́ mọ́.

Olùkọ́ Bàyọ̀:

Mo fẹ́ kí ó rí bẹ́ẹ̀, Tìjání. Ẹ jẹ́ ká yẹ̀ ẹ́ wò.

Eel ni ká kọ́kọ́ mú. Sísìn tí wọ́n ń sìn ín, ọmọ tí wọ́n kó láti inú odò ni wọ́n fi ń bẹ̀rẹ̀. Kò tíì sí ẹni tó lè mú un yé kó sì pa ọmọ ní iye tó tó ọjà. Adágún ẹja wọ̀nyẹn gan-an ló ń fa ọmọ eel kúrò nínú odò. Bí wọ́n bá ṣe ń sìn ín tó ni wọ́n yóò ṣe máa kó o tó.

Totoaba yàtọ̀, ó ń yé nínú ìgbèkùn. Ilé iṣẹ́ kan wà ní La Paz, ní Mẹ́síkò, tó ń sìn ín, CITES sì gbà ní 2022 kí wọ́n máa ta ẹran rẹ̀ sí òkèèrè. Ẹran nìkan o. Wọn ò fọwọ́ sí àpò inú rẹ̀, mo sì rò pé wọ́n ṣe é re. Bí àpò tó bófin mu bá wọ ọjà, ta ni yóò fi ojú lásán mọ èyí tó wá láti inú òkun? Onífàyàwọ́ kò ní nílò ju ìwé ẹyọ kan lọ.

Ẹ wo sturgeon, ẹja tí wọ́n ń fi ẹyin rẹ̀ ṣe caviar. Abo beluga, tó tóbi jù nínú wọn, lè tó ọdún 15 kó tó yé ẹyin àkọ́kọ́. Láti 1998 ni gbogbo irú sturgeon ti wà lábẹ́ CITES. Wọ́n ń sìn ín káàkiri ayé. Wọ́n ní kí gbogbo agolo caviar ní àmì tó jẹ́ pé bí wọ́n bá ṣí agolo náà, àmì ọ̀hún ti bàjẹ́. Síbẹ̀, ní 2022 IUCN sọ pé gbogbo irú sturgeon 26 tó kù láyé ló wà nínú ewu ìparun. Àwọn tó ń jẹ caviar kan gbà pé ti inú omi gidi dùn ju ti inú adágún lọ. Níbi tí irú èrò yẹn bá wà, sísìn nìkan kò lè pa òwò yẹn.

Bàbá Ìbejì:

Ẹ̀yin ọmọ mi, mo ti ń ka ọ̀rọ̀ yín bọ̀ láti òwúrọ̀. Tìjání ní kí àwọn ará Ṣáínà jáwọ́. Má bínú sí mi, ọmọ mi, ṣùgbọ́n má ṣe di ẹ̀bi ru odidi ìran kan.

Ẹja kan wà ní etíkun Ṣáínà fúnra wọn tí wọ́n ń pè ní bahaba. Àpò inú tirẹ̀ ni àwọn olówó ibẹ̀ kọ́kọ́ ń wá. Wọ́n pa á títí ó fi ṣọ̀wọ́n. Ìgbà tí kò sí mọ́ ni ojú wọn wá ràn mọ́ totoaba ní òdìkejì ayé. Ìdí tó fi yẹ kí ẹ̀rù bà wá nìyẹn: bí totoaba bá tán, wọn yóò wá ẹja mìíràn tí àpò rẹ̀ jọ ọ́.

Èèyàn tó wà nídìí ọ̀rọ̀ eel yìí ní Yúróòpù náà ò kéré. Ní Lọ́ńdọ̀nù, ní 2020, ilé ẹjọ́ dá ọkùnrin oníṣòwò ẹja kan lẹ́bi pé ó kó ọmọ eel mílíọ̀nù 5.3 jáde láàárín ọdún méjì. Abẹ́ ẹja tútù ló ń fi wọ́n pamọ́ sí. Wọ́n ṣírò owó ẹja náà sí mílíọ̀nù 53 pọ́ùn. Ẹ̀wọ̀n ọdún méjì ni wọ́n dá fún un, àmọ́ adájọ́ dá ẹ̀wọ̀n náà dúró, kò ní lọ sẹ́wọ̀n àfi bó bá tún dẹ́ṣẹ̀. Inú bí mi nígbà tí mo kà á. Ta ló máa bẹ̀rù òfin bẹ́ẹ̀?

Tìjání:

Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, mo tọrọ àforíjì. Mo ti gbọ́.

Akínlàbí:

Ẹ ṣeun, Bàbá. Ohun tí ẹ sọ nípa ìjìyà yẹn bá èrò mi mu. Ẹni tó lówó jù ni ìyà rẹ̀ fúyẹ́ jù.

Èmi náà gbọ́dọ̀ sọ òtítọ́ kan tí kò gbè mí lẹ́yìn. Ní oṣù kẹjọ 2022, ọmọ ogun ojú omi Mẹ́síkò ju 193 búlọ́ọ̀kù kọ̀ǹkéré sí ìsàlẹ̀ omi níbi tí vaquita pọ̀ sí jù. Wọ́n fi irin tó tẹ̀ bí ìwọ̀ sí orí wọn, kí àwọ̀n tó bá débẹ̀ há, kó sì ya. Àwọn apẹja bínú gidigidi. Ṣùgbọ́n ó ṣiṣẹ́: àwọ̀n tí wọ́n ń ta síbẹ̀ dín kù gan-an. N kò fẹ́ràn kí wọ́n ba iṣẹ́ ẹnikẹ́ni jẹ́, síbẹ̀ mo gbọ́dọ̀ gbà pé ó ṣiṣẹ́. Ohun tó kù ni pé kí wọ́n fún wọn ní àwọ̀n mìíràn tí kì í pa vaquita, kí wọ́n sì ra ẹja tí wọ́n bá fi mú ní iye tó dáa. Ọ̀rọ̀ yìí ti pẹ́ nílẹ̀, ìgbésẹ̀ rẹ̀ ló ń falẹ̀.

Àbẹ̀kẹ́ Olómi:

Inú mi dùn pé o sọ ọ́. Ní oṣù kẹta 2023, CITES ní kí àwọn orílẹ̀-èdè dá òwò ẹranko àti ewéko tó wà lábẹ́ àdéhùn náà pẹ̀lú Mẹ́síkò dúró, torí ètò tí Mẹ́síkò mú wá lórí totoaba kò tó. Kò ju ọ̀sẹ̀ mélòó kan lọ tí Mẹ́síkò fi mú èyí tó dára jù wá, wọ́n sì ká ìjìyà náà kúrò. Nígbà tí ọ̀rọ̀ kan àpò ìjọba, wọ́n sáré. Irú ìfúnpá bẹ́ẹ̀ ni mo fẹ́ kó dé ọ̀dọ̀ àwọn orílẹ̀-èdè tí wọ́n ti ń tà á tí wọ́n sì ti ń jẹ ẹ́, kó má jẹ́ orí etíkun tí wọ́n ti ń pa á nìkan ni yóò máa parí sí.

Ẹ jẹ́ kí n fi èyí kún un fún Olùkọ́ Bàyọ̀ tí ọkàn rẹ̀ bàjẹ́: lára àwọn vaquita tí wọ́n rí ní 2023, ọmọ wà níbẹ̀. Wọ́n ṣì ń bímọ. Ìwádìí lórí DNA wọn ní 2022 sì fi hàn pé dídínkù wọn kò tíì ba ẹ̀jẹ̀ wọn jẹ́ kọjá àtúnṣe, pé wọ́n lè padà bọ̀ sípò bí àwọ̀n bá kúrò lójú ọ̀nà wọn.

Mọ́remí, Tìjání ṣì ń retí rẹ.

Mọ́remí:

Ẹ má bínú, ẹnu iṣẹ́ ni mo wà.

Wọ́n kó ọ̀rá náà sínú ike ńlá tí wọ́n bu omi tútù sí, wọ́n ki ẹ̀rọ tó ń fẹ́ afẹ́fẹ́ sínú rẹ̀. Ọ̀rá méjì ti kú pátápátá, omi wọn ti di funfun bí omi ògì. Àwọn tó kù ń rìn. Aṣọ́bodè obìnrin kan jókòó tì wọ́n di òwúrọ̀, ó ń fi ọwọ́ wo òtútù omi náà. Ó sọ fún mi lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́rin pé wọ́n ti gbé wọn lọ sí odò kan, wọ́n sì tú wọn sílẹ̀ lálẹ́ kí ẹyẹ má baà ṣà wọ́n jẹ. Ó ní bí omi ṣe kan ara wọn, wọ́n kọ́kọ́ dúró sójú kan, lẹ́yìn náà gbogbo wọn kọrí sí ìhà kan náà, wọ́n ń wẹ̀ lọ sókè odò.